Bẹ́ ẹ ṣe máa kọ র àwọn Bẹ̀ńgálì, tòkè tìsàlẹ̀

Ẹ̀yin tèmi, ẹ káàbọ̀ o. র yìí lẹ ò jẹ́ n rímú mí nínú kọ́mẹ́ǹtì, ó yá, ká parí ẹ̀ lónìí. Ẹ fa ìlà òkè, mátrà nìyẹn, ẹ so ব, b àwọn Bẹ̀ńgálì, rọ̀ sábẹ́ ẹ̀, a ti kọ́ ব tẹ́lẹ̀, mi ò tún un ṣe. Ẹ wá fi dọ́ọ̀tì sísàlẹ̀, ó ti di র, r tiwa náà ni. Ẹ wo ọwọ́ mi, ará Dhaka ní Bangladesh ò lè mọ̀ pé Ìjẹ̀bú ni mí.

Dọ́ọ̀tì yẹn o! Yorùbá lẹ jẹ́, láti jẹ́lé-ó-sinmi lẹ ti ń fi dọ́ọ̀tì sábẹ́ ẹ, ọ àti ṣ, kí ló wá dé? রাত, raat, alẹ́ nìyẹn. Ẹ yọ dọ́ọ̀tì, ó di বাত. Làkúrègbé! Ẹ fẹ́ kọ alẹ́, ẹ lọ kọ làkúrègbé sí èèyàn lára.

Tó bá wá lẹ̀ mọ́ kọ́ńsónáǹtì míì ńkọ́? Ẹ fetí sí i ná, ta ló kọ́kọ́ dún? Tí র bá ṣáájú, orí ìkejì ló ń gùn, réf lorúkọ ẹ̀: কর্ম, kormo, iṣẹ́, ẹ wò ó lórí ম, m nìyẹn. Ẹ kọ ম tán kẹ́ ẹ tó fa réf o, ẹni tó bá ń kánjú, orí ক, k, ló máa gbé e sí. Tí র bá jẹ́ ìkejì, ó wọ abẹ́ lọ, ìlà tó tẹ̀ báyìí: গ্রাম, gram, abúlé. ক্র (kr) àti ত্র (tr) máa ń para dà díẹ̀, ẹ sáà há wọn sórí. Kò sì sí dọ́ọ̀tì mọ́ lókè tàbí nísàlẹ̀ o, ẹ̀yin tẹ́ ẹ tún ń fi síbẹ̀, ẹ ṣeun, ó tó.

Lórí fóònù, àmì kan tó ń jẹ́ hasanta, ্, ló ń lẹ̀ wọ́n pọ̀: র, hasanta, ম, réf dé. গ, hasanta, র, ó lọ sábẹ́. Lórí Avro, kíbọ́ọ̀dù tí wọ́n fi ń tẹ Bẹ̀ńgálì lórí kọ̀ǹpútà, ẹ tẹ rr fún réf.

Ẹni tó ń bínú pé òun tẹ র‍্যাম, RAM kọ̀ǹpútà, tó ń di র্যাম, kọ̀ǹpútà rò pé réf lẹ fẹ́ ni, bó ṣe wà nínú সূর্য, oòrùn. Ẹ tẹ র, ẹ fi ZWJ (zero-width joiner), àmì tójú ò rí, tẹ̀ lé e, kẹ́ ẹ tó tẹ hasanta àti য. Ó tán.

Iṣẹ́ ilé: রবিবার, robibar, ọjọ́ Sọ́ńdè. র méjì, ব méjì. Mò ń ka dọ́ọ̀tì o.