Kùkùté Inú Ọgbà: Ẹ Hú U, Ẹ Má Dáná Sun Ún

Àwọn àgbà ní ẹni tó ń mi kùkùté, ara rẹ̀ ló ń mì. Ẹni tó gé igi mọ́lẹ̀ pátápátá kó tó rántí gbòǹgbò lọ̀rọ̀ náà ń bá wí. Ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ hú tíìkì tàbí máńgòrò kúrò lágbàlá yín ní Kétu ilẹ̀ Benin, ẹ gé e lókè, kí ìtì rẹ̀ ṣẹ́ kù tó mítà kan àbọ̀. Òun lẹ máa dì mú tì í, òun náà lẹ máa so okùn mọ́.

Kí dígà tó kanlẹ̀, ẹ wo ibi tí páìpù SONEB, iléeṣẹ́ omi ẹ̀rọ, gbà wọlé. Gbòǹgbò máa ń wá omi lọ. Ó lè ti wé mọ́ ọn.

Ẹ gbẹ́ kòtò yí kùkùté ká, kó fi nǹkan bí 60 sẹ̀ǹtímítà jìnnà sí i, kó sì jìn tó bẹ́ẹ̀. Ọ̀pọ̀ gbòǹgbò ẹ̀gbẹ́ wà láàárín ibẹ̀. Ẹ fi omi fọ yẹ̀pẹ̀ kúrò lára wọn kí àáké tó bà wọ́n: iyanrìn inú ilẹ̀ pupa yìí ló ń mú kí ẹnu àáké kú, kì í ṣe igi. Gbòǹgbò kọ̀ọ̀kan, ẹ gé e níbi méjì, ẹ yọ àárín rẹ̀ sọnù kí àyè lè wà. Ẹ wá máa ti ìtì síhìn-ín sọ́hùn-ún. Apá ibi tó bá ti takú, gbòǹgbò kan ṣì ń dì í mú níbẹ̀. Èyí tó lọ tààrà sísàlẹ̀ lẹ máa gé kẹ́yìn.

Gbòǹgbò tó bá wọ abẹ́ ògiri, ẹ gé e létí ògiri, ẹ fi ìyókù sílẹ̀. Tó bá jẹ́ ọkọ̀ ni yóò fà á, kí ẹnikẹ́ni má dúró nítòsí okùn: tó bá já, bíi pàṣán ló ń padà.

Iná wá ńkọ́? Kùkùté tútù kì í jó, omi ló kún inú rẹ̀. Èyí tó gbẹ ló léwu. Iná á wọ gbòǹgbò, á máa jẹ ẹ́ lọ lábẹ́ ilẹ̀ fún ọjọ́ púpọ̀ láìsí ọwọ́ iná. Lókè, eérú ti tutù. Lábẹ́, ó ti ń lọ sídìí koríko aládùúgbò, pàápàá lásìkò ọyẹ́. Ibi tó jó tán á di ihò tí yẹ̀pẹ̀ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ bò lórí, ẹsẹ̀ ọmọdé á sì rì sínú ẹyinná.

Ẹsáńsì, ìyẹn epo bẹntiróòlù, inú ìgò tí wọ́n ń tà lójú títì kò gbọdọ̀ débẹ̀ rárá. Oru rẹ̀ wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ. Á rọ̀ sínú kòtò, ìṣáná kan á sì bú u gbàmù lójú ẹni tó ṣá a.

Tó bá ti ń jó ńkọ́? Omi orí rẹ̀ nìkan kò tó. Ẹ kọ́kọ́ fi ọ̀pá gígùn tẹ ilẹ̀ wò kí ẹ tó tẹ̀ ẹ́. Ẹ gbẹ́ kòtò yí i ká, ẹ gé gbogbo gbòǹgbò tó gba ibẹ̀ kọjá, ẹ da omi sí i, ẹ rò ó pọ̀ mọ́ yẹ̀pẹ̀ títí yóò fi di ẹrẹ̀. Ẹ na ẹ̀yìn ọwọ́ sókè ilẹ̀ láìfi kàn án. Ibi tí ooru bá ti ń jáde, ẹ tún tú u. Ẹ padà yẹ̀ ẹ́ wò lọ́jọ́ kejì, àti lọ́jọ́ kẹta.