Wáàsí Jímọ̀: Ta ló fi yín ṣọ́ iná?

Àsàlámù àlékúm, ẹ̀yin ará mi. Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun, kí ìkẹ́ àti ọlà Rẹ̀ máa bá Ànábì wa Muhammad, ará ilé rẹ̀ àti àwọn sàábé rẹ̀. Ẹ jẹ́ n tètè dé ibi tí mò ń lọ, torí inú ń bí mi.

Ọ̀dọ́mọkùnrin kan gba ẹ̀mí ara rẹ̀ ládùúgbò wa lọ́sẹ̀ yìí. Ẹ ò ní gbọ́ orúkọ rẹ̀ lẹ́nu mi, ẹ ò sì ní gbọ́ bó ṣe ṣe é. Gbèsè ló wọ̀ ọ́ lọ́rùn. Ó yá owó lọ́wọ́ àwọn tó ń yáni lówó lórí fóònù, èlé gorí èlé. Nígbà tí kò rí i san, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi àtẹ̀jíṣẹ́ ránṣẹ́ sí gbogbo nọ́ńbà tó wà nínú fóònù rẹ̀: sí ọ̀gá rẹ̀, sí àbúrò ìyá rẹ̀, sí ọmọbìnrin tó ń fẹ́ sọ́nà. Wọ́n fi fọ́tò rẹ̀ sí i, wọ́n kọ "OLÈ" sábẹ́ rẹ̀.

Òkú ò tíì kúrò nílẹ̀ tí ohùn kan fi dé sórí Wásáàpù jàmáà. Ẹni tó sọ̀rọ̀ náà kì í ṣe ọmọdé. Ó ní kí ẹnikẹ́ni má kírun sí i lára, pé ẹni tó bá pa ara rẹ̀ ti di kèfèrí, iná ni ilé rẹ̀ títí láé, kí wọ́n má sì sin ín sí ibi tí à ń sin mùsùlùmí sí. Ìyá ọmọ náà wà lórí Wásáàpù yẹn. Àwọn èèyàn sì ń tẹ "Àámín" tẹ̀lé e, ìkan lẹ́yìn ìkan. Mo ka gbogbo rẹ̀ títí dé ìsàlẹ̀, mi ò rí ẹni tó bi í pé: Baba, ta ló fi yín ṣọ́ iná?

Ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ gba ibi tí òótọ́ wà nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀, kí ẹnì kan má baà sọ pé mò ń bu omi la ẹ̀sìn. Ẹ̀ṣẹ̀ ńlá ni. Ọlọ́hun sọ nínú Suratu Nisai, aya 29 pé: "Ẹ má ṣe pa ara yín. Dájúdájú Ọlọ́hun jẹ́ Aláàánú fún yín." Bukhari, ọ̀kan nínú àwọn tó kó hádíìsì, ìyẹn ọ̀rọ̀ Ànábì, jọ, sì gbà á wá láti ọ̀dọ̀ Jundub pé ọkùnrin kan wà nínú àwọn tó ṣáájú wa, ọgbẹ́ ń dà á láàmú, kò lè fara dà á mọ́, ó gba ẹ̀mí ara rẹ̀, Ọlọ́hun sì sọ pé ẹrú Òun ti kánjú ṣáájú Òun, Òun ti ṣe àlùjánnà léèwọ̀ fún un. Ọ̀rọ̀ yẹn wúwo, ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ sọ ọ́ di fúfúyẹ́.

Ànábì náà kò kírun sí ọkùnrin kan tó pa ara rẹ̀ lára. Hádíìsì yẹn ni baba wa gbá mú. Ṣùgbọ́n bí Nasai, tí òun náà kó hádíìsì jọ, ṣe gbà á wá, ohun tí Ànábì sọ ni pé: "Ní tèmi, èmi ò ní kírun sí i lára." Ní tèmi, ó ní. Kò ní kí àwọn sàábé má kírun sí i lára. Ìdí nìyí tí ọ̀pọ̀ onímọ̀ fi ní aṣáájú lè fà sẹ́yìn kí ó lè jẹ́ ìkìlọ̀ fún àwọn tó wà láàyè, àmọ́ kí àwọn mùsùlùmí yòókù wẹ̀ ẹ́, kí wọ́n kírun sí i lára, kí wọ́n sì sin ín. Ẹ sì rántí pé Ànábì yìí kan náà fà sẹ́yìn fún òkú ẹni tó jẹ gbèsè. Ṣé a ti ń pe gbogbo onígbèsè ní kèfèrí? Bí a bá ń pè wọ́n bẹ́ẹ̀, mọ́ṣáláṣí yìí á ṣófo.

Hádíìsì tí mo fẹ́ kí ẹ bá mi gbé délé lónìí wà nínú ìwé hádíìsì tí Imam Muslim kó jọ, Jabir ló gbà á wá. Tufayl ọmọ Amr jẹ́ ẹni pàtàkì láàárín ẹ̀yà Daws. Lásìkò tí àwọn ará Mọ́kà ń fojú Ànábì gbolẹ̀, ó tọ̀ ọ́ wá, ó ní: Òjíṣẹ́ Ọlọ́hun, ṣé ẹ ò ní wá sọ́dọ̀ wa? Odi tó lágbára wà lọ́wọ́ wa, a óò dáàbò bò yín. Ànábì kò gbà, torí Ọlọ́hun ti fi oore yẹn pa mọ́ de àwọn Ansar, àwọn ará Mọ̀dínà tó gba Ànábì sọ́dọ̀. Nígbà tí Ànábì wá ṣí lọ sí Mọ̀dínà, Tufayl náà kó ẹrù rẹ̀, ó tẹ̀ lé e, ọkùnrin kan nínú àwọn èèyàn rẹ̀ sì bá a lọ. Hádíìsì kò dárúkọ ọkùnrin yìí. Ohun tí a mọ̀ nípa rẹ̀ ni pé ó fi ilé àti ìbátan sílẹ̀ nítorí Ọlọ́hun, ó sì rìn dé ibi tí Ànábì wà.

Ojú ọjọ́ Mọ̀dínà kò bá wọn lára mu. Ọkùnrin náà dùbúlẹ̀ àìsàn. Ẹ̀yin tí ẹ ti ṣàìsàn rí nílùú àjèjì, tí kò sí ẹni tó máa po ẹ̀kọ gbígbóná fún yín, ẹ mọ ohun tí mò ń sọ. Sùúrù rẹ̀ tán. Hádíìsì kò sọ pé ó kọ ẹ̀sìn, kò sọ pé ó bú Ọlọ́hun. Sùúrù ló tán. Ní wàràwàrà yẹn ó ṣe ọwọ́ ara rẹ̀ léṣe, ibẹ̀ ló sì ti kú.

Tufayl wá rí i lójú àlá. Ìrísí rẹ̀ dára, ṣùgbọ́n ó bo ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì. Tufayl bi í pé: Kí ni Olúwa rẹ fi ọ́ ṣe? Ó ní: Ó forí jì mí nítorí híjírà tí mo ṣe wá bá Ànábì Rẹ̀. Tufayl ní: Kí ló wá dé tí o fi bo ọwọ́ rẹ? Ó ní: Wọ́n sọ fún mi pé, "A kò ní bá ọ tún ohun tí ìwọ fúnra rẹ bà jẹ́ ṣe."

Tufayl jí. Kò ké e kiri ìlú. Ó gbé àlá náà tọ Ànábì lọ. Ẹ bá mi dúró níbí ná. Ẹni tí Tufayl ń ròyìn fún yìí mọ bí ẹ̀ṣẹ̀ yẹn ṣe tóbi tó ju gbogbo wa lọ. Ì bá sọ pé ó tọ́ sí i. Ì bá tiẹ̀ dákẹ́. Àdúà ló ṣe: *Allahumma wa liyadayhi faghfir.* Ọlọ́hun, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì náà, forí jì wọ́n. Gbogbo ara ti rí àforíjì, ọwọ́ nìkan ló kù, Ànábì sì ń bẹ̀bẹ̀ nítorí ọwọ́. Mo ti ka hádíìsì yìí kọjá iye ìgbà tí mo lè sọ, ibẹ̀ ló máa ń mú mi. Imam Nawawi, tó ṣàlàyé ìwé Muslim, tó sì kú ní 1277, fi àkọlé sórí rẹ̀ pé ẹ̀rí ni pé ẹni tó bá pa ara rẹ̀ kò di kèfèrí. Ó lé ní 700 ọdún tí ọ̀rọ̀ yìí ti wà nínú ìwé. Wásáàpù wa ni kò tíì dé.

Mo mọ̀ pé ẹnì kan á sọ pé irú wáàsí báyìí á kì àwọn ọmọ láyà láti ṣe é. Ẹ padà ka àlá náà. Ẹni tí Ọlọ́hun ti forí jì ṣì ń bo ọwọ́ rẹ̀. Ta ló fẹ́ bẹ́ẹ̀? Ta ló ní ìdánilójú pé òun ní híjírà tó máa gba òun sílẹ̀ ná?

Òwe wa kan wà tí mo fẹ́ kí ẹ yé pa sí ọmọ létí: ikú yá ju ẹ̀sín lọ. Ó dùn lẹ́nu, àwọn eléré wa fẹ́ràn rẹ̀. Gbogbo wa la mọ Ẹfúnṣetán Aníwúrà inú eré tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ: ó ní ẹrú òun kankan kò gbọdọ̀ lóyún, ó pa Adétutù tó lóyún, ọwọ́ ìlú tẹ̀ ẹ́, ó gbé májèlé jẹ kí ẹ̀sín tó bá a. Òǹwòran á pàtẹ́wọ́ pé ìdájọ́ ti dé. Eré ni, eré sì dára, mi ò bá òǹkọ̀wé jà.

Ṣùgbọ́n ìtàn kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹfúnṣetán yìí ni Ìyálóde Ìbàdàn, ọmọbìnrin kan ṣoṣo ló bí, ọmọ náà sì kú sórí ìkúnlẹ̀ ní 1860. Wọ́n ní láti ìgbà yẹn ni ọkàn rẹ̀ ti le. Ní 1874, Ààrẹ Látòóṣà, olórí Ìbàdàn, fẹ̀sùn kàn án: kò bá òun lọ sógun, kò fi nǹkan ránṣẹ́ sójú ogun, kò jáde wá pàdé òun nígbà tí òun ń bọ̀. Ẹ wo ẹ̀sùn o! Ọ̀rọ̀ ẹrú kankan kò sí níbẹ̀. Wọ́n bu owó lé e, ó san án. Wọ́n yọ ọ́ lóyè lọ́jọ́ 1 oṣù Karùn-ún. Kò tó wọn. Lóru ọjọ́ 30 oṣù Kẹfà, àwọn ẹrú rẹ̀ méjì pa á sínú yàrá rẹ̀, Ààrẹ ti bá Kumuyilo tí Ìyálóde fi ṣọmọ sọ ọ́. Nígbà tí àwọn Ẹ̀gbá tó jẹ́ ìbátan rẹ̀ béèrè ẹ̀jẹ̀ rẹ̀, àwọn ẹrú yẹn ni wọ́n pa. Ààrẹ jókòó sórí oyè rẹ̀ títí ó fi kú ní 1885. Ó sì yẹ kí ojú tì wá díẹ̀: Mọ́mọ́dù ni orúkọ Ààrẹ yìí, mùsùlùmí ni. Nínú Suratu Maida, aya 8, Ọlọ́hun ní kí ìkórìíra àwọn kan má ṣe mú wa kọ déédéé sílẹ̀.

Mi ò gbèjà ìkà. Bí ó bá pa ẹrú, ẹ̀jẹ̀ ni, ó yẹ kí wọ́n pè é síta lójú ọjọ́ nítorí ẹ̀jẹ̀ náà. Ànábì Yahkubu náà pàdánù ọmọ, ó sunkún títí ojú rẹ̀ méjèèjì fi funfun, kò pa ẹnikẹ́ni. Àwọn ọmọ rẹ̀ tó wà nílé ń bá a wí pé kò ní yé dárúkọ Yusufu títí á fi kú sí i. Ó dá wọn lóhùn pé Ọlọ́hun lòun ń ro ẹjọ́ ìbànújẹ́ òun fún, ó sì rán wọn padà lọ wá Yusufu àti àbúrò rẹ̀: ẹ má sọ ìrètí nù nínú àánú Ọlọ́hun. Ojú rẹ̀ ti fọ́ nígbà tó ń sọ ọ́. Ẹkún kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Ẹ yé sọ fún ọkùnrin tó ń sunkún pé kó ṣe bí ọkùnrin.

Ó ku àwọn tí mo fẹ́ bá sọ̀rọ̀ gan-an. Ìwọ tí o ń yá èèyàn lówó èlé, tí o ń fi fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́ sí ìyá rẹ̀, Ọlọ́hun ti kéde ogun sí ọ nínú Suratu Bakara, o ṣì ń wá bá wa to sàfù. Bóo bá rí ogun yẹn, má bi wá pé kí ló dé. Ẹ̀yin tí ẹ ń tẹ "Àámín", ẹ lọ pa á rẹ́, kí ẹ sì tọrọ àforíjì lọ́wọ́ obìnrin yẹn nílé rẹ̀, kì í ṣe lórí fóònù. Ìwọ tí ọ̀rọ̀ yìí ń gún lọ́kàn, tí o ti ń ronú ohun tí o kò sọ fún ẹnikẹ́ni, ọmọ mi, sọ ọ́ fún ẹnì kan kí ilẹ̀ òní tó ṣú. Bí o kò bá mọ ẹni tí o máa sọ fún, wá kan ilẹ̀kùn mi, ìbáà jẹ́ òru. Mi ò ní wàásù fún ọ. A óò jọ lọ sílé ìwòsàn ni. Òfin ìwà ọ̀daràn tí òyìnbó fi sílẹ̀ fún wa, abala 327, fi ẹ̀wọ̀n ọdún 1 dẹ́rù ba ẹni tó bá gbìyànjú láti pa ara rẹ̀. Èkó ti ní ilé ìwòsàn ni kí wọ́n gbé e lọ. Ẹ̀yin òbí, ẹ má torí ọlọ́pàá tàbí torí ẹnu ayé gbé ọmọ yín pa mọ́ sínú yàrá.

Lójú Ànábì, nígbà tó fà sẹ́yìn fún onígbèsè yẹn, sàábé kan, Abu Qatada, ló dìde, ó ní: Òjíṣẹ́ Ọlọ́hun, gbèsè rẹ̀ di tèmi. Ìgbà náà ni Ànábì kírun sí i lára. Iye tí ọmọ tiwa jẹ wà lọ́wọ́ akọ̀wé jàmáà: ojú owó ni, a ò ní san èlé. Ẹ bi í lẹ́yìn ìrun.