Àwọn Obìnrin Tó Sọ Ìnàkí Lórúkọ

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ láti ibi ìsọmọlórúkọ kan. Orílẹ̀-èdè Rùwáńdà ni, ní Kinigi, lẹ́sẹ̀ àwọn òkè ayọnáyèéfín. Èrò pọ̀ bí omi, ìlù ń dún, ijó ń lọ. Lọ́kọ̀ọ̀kan ni àwọn àlejò pàtàkì ń bọ́ síwájú, tí wọ́n ń pe orúkọ ọmọ tuntun. Ṣùgbọ́n ọmọ tí wọ́n ń sọ lórúkọ kò sí níbẹ̀. Ó wà lókè lọ́hùn-ún nínú igbó, lẹ́yìn ìyá rẹ̀. Ọmọ gòrílà ni. Kwita Izina ni wọ́n ń pe ayẹyẹ náà, bí àwọn ará Rùwáńdà ṣe ń pe ìsọmọlórúkọ ọmọ ènìyàn gẹ́lẹ́, láti ọdún 2005 ni wọ́n sì ti ń ṣe é ní gbangba.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń wò wá, ọ̀rọ̀ orúkọ yìí ni mo fẹ́ bá yín sọ. Ìgbà kan wà tó jẹ́ pé ẹni tó bá kọ orúkọ ẹranko igbó sínú ìwé ìwádìí rẹ̀, àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n á ní kò mọ iṣẹ́. Obìnrin mẹ́ta ló kọ̀ jálẹ̀: Jane Goodall, Dian Fossey àti Biruté Galdikas. Lójú tèmi, ká ní wọn ò fún àwọn ẹranko wọ̀nyẹn lórúkọ ni, ọ̀pọ̀ ohun tí a mọ̀ nípa ìnàkí lónìí, à bá má tíì mọ̀ ọ́n.

Ìnàkí ni mo pè é. Ọ̀rọ̀ kan yìí la sábà ń lò fún gbogbo wọn, àmọ́ nínú fídíò yìí mo máa yà wọ́n sọ́tọ̀: ṣinpansí ni Goodall lọ wò, gòrílà ni ti Fossey, orangutan onírun pupa ni ti Galdikas. Kò sí èyí tó nírù nínú wọn. Ibẹ̀ lẹ ti lè mọ̀ pé wọn kì í ṣe ọ̀bọ.

Ọmọ London ni Jane Goodall, wọ́n bí i ní 1934. Owó yunifásítì kò sí, iṣẹ́ akọ̀wé ló kọ́. Nígbà tí ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan pè é pé kó wá kí òun ní Kẹ́ńyà, ó ṣiṣẹ́ agbáwo títí owó ọkọ̀ ojú omi fi pé, ó sì gúnlẹ̀ ní 1957. Ní Nairobi ló ti pàdé Louis Leakey, awalẹ̀pìtàn tó ń wá egungun àwọn ẹni àtayébáyé. Leakey ń wá ẹni tó máa lọ jókòó ti ṣinpansí nínú igbó, tó máa wò wọ́n fún ìgbà pípẹ́. Ó gbàgbọ́ pé obìnrin ní sùúrù ju ọkùnrin lọ fún irú iṣẹ́ yìí, kò sì fẹ́ ẹni tí ìwé ti sọ ohun tó máa rí fún kó tó débẹ̀.

Ní ọjọ́ 14 oṣù Keje, ọdún 1960, Jane dé Gombe, létí adágún Tanganyika, lórílẹ̀-èdè tí a ń pè ní Tàǹsáníà báyìí. Àwọn aláṣẹ òyìnbó tó ń ṣàkóso ibẹ̀ nígbà náà ní àwọn ò ní jẹ́ kí ọ̀dọ́bìnrin dá wọgbó. Ta ló bá a lọ? Ìyá rẹ̀, Vanne. Inú mi máa ń dùn tí mo bá rántí èyí, pé ìyá òun ọmọ ni wọ́n jọ pàgọ́ síbẹ̀, tí ibà jọ dá wọn wó nínú àgọ́ kan náà, tí ìyá sì ń pín oògùn fún àwọn apẹja tó bá ń ṣàìsàn.

Fún oṣù mélòó kan, sísá ni àwọn ṣinpansí ń sá. Bí wọ́n bá ti fojú kán an, ó ti parí nìyẹn. Ó wá ń gun orí òkè kan ní ìdájí, á jókòó síbẹ̀ kí wọ́n lè máa rí i, á sì máa fi awò amóhun-jíjìn-súnmọ́ wò wọ́n. Ọ̀kan nínú wọn, akọ kan tí irùngbọ̀n rẹ̀ ti hu ewú, ló kọ́kọ́ dẹ́kun ẹ̀rù. Jane sọ ọ́ ní David Greybeard.

Ní oṣù Kọkànlá ọdún yẹn, ó rí David lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkìtì ọ̀gán. Ó mú koríko kan, ó kì í bọ inú ihò, ó dúró díẹ̀, ó fà á jáde. Àwọn ikán ti fẹnu há koríko náà, ó wá fi ètè gbá wọn jẹ. Nígbà tó yá, wọ́n rí i tó já ẹ̀ka kékeré, tó re ewé ara rẹ̀ dànù kó tó lò ó. Ẹ dúró síbẹ̀ yẹn. Kì í ṣe pé ó kàn lo ohun tó rí nílẹ̀. Ó tún un ṣe kó lè bá iṣẹ́ mu. Ohun tí wọ́n sì ń kọ́ni nílé ẹ̀kọ́ nígbà náà ni pé ọmọ ènìyàn nìkan ló ń ṣe irinṣẹ́. Nígbà tí ìròyìn dé ọ̀dọ̀ Leakey, ó fèsì pé ó kù ká wá ìtumọ̀ tuntun fún irinṣẹ́, tàbí ká wá ìtumọ̀ tuntun fún ènìyàn, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ká gba ṣinpansí mọ́ ènìyàn.

Leakey rán an lọ sí Cambridge ní 1962 láti lọ gba oyè ọ̀mọ̀wé, bẹ́ẹ̀ sì rèé, kò ní oyè kìíní. Ibẹ̀ ni wàhálà orúkọ ti bẹ̀rẹ̀. Wọ́n ní nọ́ńbà ni kó fún àwọn ẹranko náà, pé orúkọ á jẹ́ kí ìfẹ́ bò ó lójú. Nígbà tó kọ àpilẹ̀kọ ránṣẹ́ sí ìwé ìròyìn sáyẹ́ǹsì, wọ́n pa ọ̀rọ̀ tí èdè Gẹ̀ẹ́sì ń lò fún ọkùnrin àti obìnrin rẹ́, wọ́n fi èyí tó wà fún àga àti òkúta rọ́pò rẹ̀. Jane pa tiwọn náà rẹ́, ó dá tirẹ̀ padà. Ìjà yìí ì bá má ṣẹlẹ̀ ká ní èdè Yorùbá ni wọ́n fi ń kọ̀wé. “Ó” la ń lò fún ọmọ wa, “ó” náà la ń lò fún ewúrẹ́.

Kí wá ni àǹfààní orúkọ? Ẹ gbọ́ ìtàn Flo. Abo ṣinpansí àgbà ni, olóríire láàárín ẹgbẹ́ rẹ̀, ìyá ọlọ́mọ púpọ̀. Ó kú ní 1972. Flint, èyí tó kéré jù nínú àwọn ọmọ rẹ̀ tó wà láàyè, ti tó ọmọ ọdún 8 nígbà náà, ṣùgbọ́n kò jẹun mọ́, kò bá ẹnikẹ́ni ṣeré mọ́. Kò pé oṣù kan tí òun náà fi kú, nítòsí ibi tí ìyá rẹ̀ kú sí. Tó bá jẹ́ nọ́ńbà méjì ló kú, ta ni ì bá mọ̀ pé ọ̀fọ̀ ló pa èkejì? Bákan náà láti 1974 sí 1978, nígbà tí ẹgbẹ́ ṣinpansí Gombe pín sí méjì, tí apá kan sì pa àwọn akọ apá kejì lọ́kọ̀ọ̀kan títí wọ́n fi tán. Àwọn tí wọ́n jọ ń yọ kòkòrò lára ara wọn tẹ́lẹ̀ ni wọ́n ń pa ara wọn. Jane mọ èyí tó pa, ó mọ èyí tó kú. Ó ní ọ̀rọ̀ náà dùn òun gan-an, nítorí òun ti rò tẹ́lẹ̀ pé wọ́n sàn ju àwa lọ. Ó kọ ọ́ sílẹ̀ bó ṣe rí, kò fi ìfẹ́ bo ohunkóhun. Ìyẹn gan-an ni ìdáhùn fún àwọn ará Cambridge.

Nǹkan kan tún wà. Lọ́jọ́ kan, ó na ẹyìn pupa kan sí David Greybeard. David kò fẹ́ ẹ, ó yíjú. Jane tún nawọ́ sún mọ́ ọn. David gba ẹyìn náà, ó jù ú sílẹ̀, ó wá rọra di ọwọ́ Jane mú.

Dian Fossey ní tirẹ̀, ará Amẹ́ríkà ni. Àwọn ọmọ aláìlera ló ń tọ́jú nílé ìwòsàn ní Kentucky. Ó yáwó lọ sí Áfíríkà ní 1963, ó sì bá Leakey pàdé. Ní 1967 ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Kóńgò, ogun lé e jáde, ó bá sọdá sí Rùwáńdà. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún yẹn ló tẹ ibùdó rẹ̀ dó láàárín òkè Karisimbi àti òkè Bisoke, ó lẹ orúkọ òkè méjèèjì pọ̀, ó pè é ní Karisoke.

Òjò, òtútù, ẹrẹ̀. Láti sún mọ́ gòrílà, á fi ọwọ́ òun ẹsẹ̀ rìn, á máa jẹ ewé bíi tiwọn, á máa kùn bí wọ́n ṣe ń kùn tí inú wọn bá dùn. Ìlà tó wà lókè ihò imú gòrílà kọ̀ọ̀kan yàtọ̀ sí ti èkejì, ó ń yà á sínú ìwé, ibẹ̀ ló fi ń dá wọn mọ̀. Ní 1970, akọ kan tó ń jẹ́ Peanuts na ọwọ́, ó fọwọ́ kan ọwọ́ rẹ̀.

Èyí tó fẹ́ràn jù ni Digit, tó sọ bẹ́ẹ̀ nítorí ìka rẹ̀ tó ti bàjẹ́. Ní ọjọ́ 31 oṣù Kejìlá, ọdún 1977, àwọn ọdẹ tí kò gbàṣẹ kó ajá wá. Digit dúró kojú wọn kí àwọn ará ilé rẹ̀ lè sá lọ. Wọ́n fi ọ̀kọ̀ gún un pa, wọ́n gé orí rẹ̀ àti ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì lọ.

Lẹ́yìn ìyẹn, Dian kò rí bákan náà mọ́. Ó ti ń já tàkúté tẹ́lẹ̀, ó ń gba màlúù àwọn tó ń da ẹran wọgbó, ó ń fi ìbòjú dẹ́rù ba àwọn ọdẹ. Gbogbo rẹ̀ tún wá le sí i. N kò ní bo apá yìí mọ́lẹ̀. Àgbẹ̀ tí kò ní ilẹ̀ tó pọ̀ ni púpọ̀ nínú àwọn tó ń gbé lẹ́bàá igbó náà, àgbọ̀nrín ni wọ́n sì dẹ ọ̀pọ̀ tàkúté wọ̀nyẹn fún. Obìnrin tó mọ imú gòrílà kọ̀ọ̀kan, ó yẹ kó ti ráyè mọ àwọn aládùúgbò rẹ̀ náà jù bẹ́ẹ̀ lọ. Síbẹ̀, mi ò rí ẹlòmíràn tó dúró síbẹ̀ lásìkò yẹn bó ṣe dúró. Ní oṣù Kejìlá 1985, wọ́n bá òkú rẹ̀ nínú ilé rẹ̀, àdá ni wọ́n fi pa á. Ẹ̀gbẹ́ Digit ni wọ́n sin ín sí.

Nígbà tí wọ́n ka gòrílà òkè Virunga, ìyẹn àwọn òkè tí Karisimbi àti Bisoke wà lára wọn, ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980, wọn ò ju bíi 250 lọ. Nígbà tí wọ́n tún kà wọ́n, tí wọ́n parí rẹ̀ ní 2016, wọ́n rí 604.

Biruté Galdikas ló kẹ́yìn dé. Jámánì ni wọ́n bí i sí, ọmọ Lithuania, ó dàgbà sí Kánádà. Ní 1971, òun àti ọkọ rẹ̀ dé Tanjung Puting ní erékùṣù Borneo, ní Indonéṣíà, wọ́n sì sọ ibùdó wọn ní Camp Leakey. Irà ni gbogbo ibẹ̀, eṣúṣú á sì mu ẹ̀jẹ̀ wọn yó. Orangutan kì í rìn lẹ́gbẹ́ bíi ṣinpansí, òkè igi ló ń gbé, òun nìkan tàbí ìyá òun ọmọ. Ẹni tó bá fẹ́ mọ̀ ọ́n gbọ́dọ̀ lè dúró. Ọdún bíi 7 tàbí 8 ló wà láàárín ọmọ kan sí èkejì. Ta ni ì bá mọ̀, bí kì í bá ṣe ẹni tó mọ abo kan lórúkọ, tó sì ń tẹ̀ lé e fún ọ̀pọ̀ ọdún? Ó kàn jẹ́ pé igi ń tán. Wọ́n ń ro igbó orangutan láti fi gbin ọ̀pẹ. Ọ̀pẹ tiwa yìí náà ni o, Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà ni orísun rẹ̀. Ní 1848 ni wọ́n gbin irúgbìn mẹ́rin rẹ̀ sí ọgbà kan ní Bogor, ní Indonéṣíà.

Mi ò lè kúrò níbí láìdé ilé. Ṣinpansí wà nílẹ̀ Yorùbá títí di òní. Díẹ̀ ló kù, nínú igbó ọba bíi ti Ìsẹ̀-Èkìtì, Ìdànrè àti Omo ní ìpínlẹ̀ Ògùn. Ọmọ Nàìjíríà kan, Rachel Ashegbofe Ikemeh, ló ń ṣíwájú iṣẹ́ láti dáàbò bò wọ́n, wọ́n sì fún un ní ẹ̀bùn Whitley, tí wọ́n ń fún àwọn tó ń dáàbò bo ẹranko igbó, ní 2020 nítorí rẹ̀. Àwọn ṣinpansí ibẹ̀ mọ ìró ìbọn dáadáa, wọn kì í dúró de ènìyàn bí David Greybeard ṣe dúró de Jane. Ibùsùn wọn ni wọ́n fi ń tọpa wọn. Ní ìrọ̀lẹ́, ṣinpansí á tẹ ẹ̀ka igi pọ̀, á fi ewé tẹ́ ẹ, á sùn sí i, lọ́la á tún tẹ́ òmíràn. Ẹni tó bá dé abẹ́ igi náà á gbójú sókè, á wo ewé. Bó bá ti gbẹ, wọ́n ti lọ tipẹ́. Bó bá ṣì tutù yọ̀yọ̀, wọn ò tíì jìnnà.