Ọdún Mẹ́rin Tí A Máa Ń Fò Nínú Ìtàn Abedi Pele

Ẹ̀yin akọ́nimọ̀ọ́gbá, ẹ̀yin òbí, àti ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí bàtà bọ́ọ̀lù yín ṣì wà nínú báàgì bí ẹ ṣe jókòó yìí, mo kí yín o. Ẹ ní kí n wá sọ̀rọ̀ lórí agbábọ́ọ̀lù ilẹ̀ Áfíríkà kan tó ṣiṣẹ́ nílé, tó sì ṣiṣẹ́ lókè òkun. Mo mọ̀ pé orúkọ Okocha tàbí Kanu ni ọ̀pọ̀ yín ń retí. Abedi Pele ti ilẹ̀ Ghana ni mo mú, nítorí pé àbọ̀ ìtàn rẹ̀ la máa ń sọ.

Bí a ṣe ń sọ ọ́ nìyí: ọmọ kékeré kan láti Ghana gba Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà ní 1982, ó bọ́ sí Marseille, ó gba ife ilẹ̀ Yúróòpù ní 1993, ó di ìlúmọ̀ọ́ká. Òótọ́ ni gbogbo ẹ̀. Ṣùgbọ́n láàárín 1982 sí 1986, ọdún mẹ́rin wà níbẹ̀ tí a kì í yà sí. Ibẹ̀ gan-an ni mo fẹ́ kí á yà sí lónìí, torí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti kan àwọn ọmọ yín.

Abedi Ayew ni orúkọ rẹ̀. Kibi, ní ìhà ìlà oòrùn Ghana, ni wọ́n bí i sí ní ọjọ́ 5 oṣù kọkànlá ọdún 1964. Láti kékeré ni wọ́n ti ń pè é ní Pele, nítorí bó ṣe ń gbá bọ́ọ̀lù jọ ti Pele ará Brazil nì. Ṣùgbọ́n òkè àríwá ni bọ́ọ̀lù rẹ̀ ti gbòde. Ó kàwé girama ní Tamale, ẹgbẹ́ Real Tamale United ló sì kọ́kọ́ gbé e jáde. Tamale jìnnà sí Accra tó nǹkan bí 600 kìlómítà lójú ọ̀nà. Hearts of Oak ní Accra àti Asante Kotoko ní Kumasi ni òkìkí bọ́ọ̀lù Ghana wà lọ́wọ́ wọn, ọmọ tó bá sì fẹ́ kí wọ́n rí òun láti Tamale, àfi kó gbá a débi pé kò ṣeé gbójú fò.

Wọ́n rí i. Ní oṣù kẹta ọdún 1982, Charles Kumi Gyamfi, akọ́nimọ̀ọ́gbá Black Stars, ìyẹn ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù orílẹ̀-èdè Ghana, mú un dání lọ sí Libya fún Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà. Ẹ jẹ́ kí n dúró díẹ̀ lórí Gyamfi, nítorí a kì í dárúkọ rẹ̀ tó. Ní 1960, ó ti gba bọ́ọ̀lù fún Fortuna Düsseldorf ní Jámánì, lásìkò tí ọmọ Áfíríkà nínú bọ́ọ̀lù Jámánì ṣọ̀wọ́n bí ojú. Ó padà wálé, ó kọ́ Black Stars, wọ́n gba Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà ní 1963 àti 1965. Ẹni tó mọ òkè òkun, tó mọ ilé, ló fọkàn tán ọmọ ọdún 17 láti Tamale. Ghana gbá ọ̀mì 1-1 pẹ̀lú Libya nínú àṣekágbá ní Tripoli, níwájú àwọn onílé, wọ́n sì borí nígbà pẹ́nárítì, 7-6. Ife kẹrin nìyẹn fún Ghana. Wọn ò tíì rí ìkarùn-ún gbà títí di òní.

Ẹ wo irú Ghana tó padà sí. Rawlings ṣẹ̀ṣẹ̀ gbàjọba ní ọjọ́ tó kẹ́yìn ọdún 1981. Nígbà tó di 1983, ọ̀gbẹlẹ̀ dé, iná jó oko, ebi mú gbogbo ìlú. Ọdún yẹn kan náà ni ìjọba Shagari níbí lé àwọn àlejò tí kò níwèé ìgbélùú jáde, àwọn ọmọ Ghana tó lé ní mílíọ̀nù kan sì di ẹrù wọn sínú báàgì tí a ṣì ń pè ní Ghana-Must-Go. Àwọn tó kọ́ wa ní ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì wà nínú wọn. Ó yẹ kí ọ̀rọ̀ yẹn máa dun àwa ará ibí. Ọ̀dọ́ tó bá mọ iṣẹ́ kan ní Ghana nígbà yẹn, ọ̀nà àtijáde ló ń wá. Ti Abedi kò yàtọ̀.

Al Sadd ní Qatar ló kọ́kọ́ lọ. Kò pẹ́ níbẹ̀. Ó bọ́ sí FC Zürich ní Switzerland. Kò pẹ́ níbẹ̀ náà. Nígbà tó fi máa di 1984, ẹni tó ti gba ife Áfíríkà, tó ti fojú kan Yúróòpù, ti wà ní Porto-Novo, Àjàṣẹ́ tiwa yìí, níbi tí Yorùbá àti Gùn jọ ń gbé, tó ń gba bọ́ọ̀lù fún Dragons de l'Ouémé. Àwọn tí ẹ ní ẹbí ní Àjàṣẹ́, ẹ bi àwọn àgbà ibẹ̀ léèrè. Láti ibẹ̀, ó padà sí Tamale. Lọ́dún 1985, ó ti wà nínú ẹgbẹ́ tó ti bẹ̀rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí á sọ òótọ́ síra wa. Bí ọmọ yín bá lọ sí Qatar àti Switzerland, tí ẹ wá rí i ní ọmọ ogún ọdún tó tún ń gba bọ́ọ̀lù ní pápá àdúgbò tó ti kúrò, kí lẹ máa sọ? Mo ti gbọ́ ohun tí àwọn òbí máa ń sọ. Wọ́n á ní ayé ti ṣe é. Wọ́n á ní wọ́n ti lé e dànù. Àwọn míì á tún lọ yá owó láti wá ẹlòmíràn tó máa gbé e jáde kíákíá, kí ojú má baà tì wọ́n ládùúgbò. Mo ti rí ọmọ tí ìtìjú yẹn mú kó dúró sí ìlú òkèèrè láìsí ẹgbẹ́, láìsí ìwé, tó ń fọ abọ́ ní ilé oúnjẹ, tí bọ́ọ̀lù sì kú mọ́ ọn lẹ́sẹ̀. Ilé ni àbọ̀sinmi oko. Tamale gba Abedi padà, Àjàṣẹ́ sì ti fún un ní pápá ṣáájú ìgbà yẹn. Líìgì tó lè gbá wà ní ìlú méjèèjì. Bí kò bá sí wọn, mi ò rí ibi tí ẹsẹ̀ òsì yẹn ì bá gbà dé Marseille.

Ní 1986 ló tún jáde, kì í sì í ṣe ibi ńlá ló lọ. Niort ni, ìlú kékeré ní ìwọ̀-oòrùn Faransé, ẹgbẹ́ tó wà ní ìpele kejì. Ní 1987, Niort gòkè sí ìpele àkọ́kọ́. Ó kàn sí Mulhouse, ó sì dé Marseille. Níbẹ̀ náà, wọn ò kọ́kọ́ mọ ohun tí wọ́n ní lọ́wọ́: wọ́n yá a fún Lille láti 1988 sí 1990. Ní tòsí Lille, ní Seclin, ni wọ́n ti bí André ọmọ rẹ̀ ní 1989. Marseille ni wọ́n ti bí Jordan ní 1991. Ibi tí iṣẹ́ bá gbé bàbá dé ni ọmọ ń gbé dáyé.

Nígbà tí Marseille gbà á padà, ó dúró pẹ̀lú Jean-Pierre Papin àti Chris Waddle, àwọn mẹ́ta yìí sì di ẹ̀rù fún gbogbo ẹgbẹ́ tó bá kọjú sí wọn. Wọ́n dé àṣekágbá ife Yúróòpù ní Bari lọ́dún 1991, Red Star ti Belgrade fi pẹ́nárítì gbà á mọ́ wọn lọ́wọ́.

Oṣù kìn-ín-ní ọdún 1992, ní Dakar, ni ibi tó dùn mí jù nítorí Abedi nínú ìtàn yìí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwa ni wọ́n nà. Ghana àti Nàìjíríà pàdé ní ìpele tó kángun sí àṣekágbá. Mutiu Adepoju, ọmọ Ìbàdàn, ló kọ́kọ́ sọ bọ́ọ̀lù sáwọ̀n. Abedi fi orí dá a padà. Prince Polley gbá ìkejì wọlé, Ghana borí 2-1. Ṣùgbọ́n rẹfirí ti yọ yẹ́lò káàdì sí Abedi nínú ìdíje yẹn, ó jẹ́ ìkejì fún un, kò sì ní lè gbá àṣekágbá. Ó jókòó, ó ń wo àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bí wọ́n ṣe ń kojú Côte d'Ivoire. Kò sẹ́ni tó sọ bọ́ọ̀lù sáwọ̀n fún odindi wákàtí méjì. Pẹ́nárítì dé. Gbogbo agbábọ́ọ̀lù orí pápá gbá tiwọn tán, títí kan àwọn gólì, wọ́n tún bẹ̀rẹ̀ láti orí. Ẹ̀ẹ̀mẹ́rìnlélógún ni wọ́n gbá bọ́ọ̀lù láti ojú àmì yẹn, Côte d'Ivoire sì borí, 11-10. Wọ́n fún Abedi ní oyè agbábọ́ọ̀lù tó dára jù nínú ìdíje náà. Èmi ò rò pé oyè yẹn lè tu ẹnikẹ́ni nínú.

Ó lé ní ọdún kan lẹ́yìn náà, ní ọjọ́ 26 oṣù karùn-ún ọdún 1993, Marseille kojú AC Milan ní Olympiastadion ní Munich. Baresi àti Maldini ló ń ṣọ́ ẹ̀yìn Milan, van Basten wà níwájú. Ó ku ìṣẹ́jú díẹ̀ kí wọ́n lọ sinmi. Orúnkún ti ń dun Basile Boli ti Marseille, ó sì ti fẹ́ jáde. Marseille rí kọ́nà. Abedi ló gbé bọ́ọ̀lù síbẹ̀. Ẹ lọ wo fídíò rẹ̀ dáadáa, kì í ṣe orí Boli nìkan ni kí ẹ wò: bọ́ọ̀lù yẹn kò ga jù, kò sì lọ sílẹ̀ jù, ó yára dé iwájú ilé kí gólì tó lè pinnu bóyá kóun jáde tàbí kóun dúró. Boli fò, ó kàn án wọlé. 1-0, ibẹ̀ ló sì parí sí. Ọmọ tí wọ́n bí ní Kibi gbá a, ọmọ tí wọ́n bí ní Abidjan kàn án, Marcel Desailly tí wọ́n bí ní Accra sì wà lẹ́yìn tó ń ṣọ́lé. Marseille ni ẹgbẹ́ Faransé àkọ́kọ́ tó gba ife yẹn.

Ọ̀rọ̀ rìbá tó bẹ́ sílẹ̀ lórí ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ Valenciennes ba ayọ̀ náà jẹ́, wọ́n sì gba ife líìgì ọdún yẹn lọ́wọ́ Marseille. Abedi kọjá sí Lyon, lẹ́yìn náà Torino ní Ítálì, lẹ́yìn náà 1860 Munich, tó ń lo Olympiastadion kan náà bíi pápá ilé, lẹ́yìn náà Al Ain ní ilẹ̀ Lárúbáwá. Ìwé ìròyìn France Football fún un ní oyè agbábọ́ọ̀lù Áfíríkà tó dára jù ní 1991, 1992 àti 1993. CAF, àjọ bọ́ọ̀lù ilẹ̀ Áfíríkà, náà bẹ̀rẹ̀ tiwọn ní 1992, òun ni wọ́n kọ́kọ́ fún. Ẹni tó gbà á tẹ̀lé e, ní 1993, ni Rashidi Yekini tiwa, kí Ọlọ́run tẹ́ ẹ sí afẹ́fẹ́ rere.

Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé ni kò fojú kàn rí. 2006 ni Ghana tó kọ́kọ́ débẹ̀, ó ti fẹ̀yìn tì. Àwọn ọmọ rẹ̀ ló débẹ̀. André gbá a ní South Africa lọ́dún 2010, àmọ́ nígbà tí Ghana máa kojú Uruguay, yẹ́lò káàdì ti yọ ọ́ lórí pápá bíi ti bàbá rẹ̀. Ní 2015, òun àti Jordan gbá àṣekágbá Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà. Côte d'Ivoire tún ni, pẹ́nárítì tún ni, Ghana tún pàdánù.

Ní báyìí, ọ̀nà tí Abedi gbà ti ń pa rẹ́. Ẹ wo Mohammed Kudus, ọmọ Nima ní Accra. Ilé ẹ̀kọ́ bọ́ọ̀lù Right to Dream ló ti kẹ́kọ̀ọ́, ó pé ọmọ ọdún 18 tí òfin FIFA fọwọ́ sí, ó wọ Nordsjælland ní Denmark, ó kọjá sí Ajax, ó dé England. Kò gbá líìgì àgbà Ghana rí. Ọ̀nà náà dára fún un, inú mi sì dùn sí i. Ìbéèrè mi ni ti ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tó bá ṣubú ní ọdún kejì, bí Abedi ṣe ṣubú ní Zürich. Ta ló máa gbà á? Bí líìgì ilé bá ti gbẹ, tí kò lè sanwó oṣù, tí ẹnikẹ́ni kò wá síbi ìdíje rẹ̀, a jẹ́ pé kò sí Tamale tó máa padà sí.

Bàbá kan ti bi mí rí pé níbo ni ẹgbẹ́ kékeré ti fẹ́ rówó tí wọ́n á fi dúró. Mo dá a lóhùn pé apá kan owó náà wà nínú òfin. Láti 2001, FIFA ti ní kí wọ́n yọ ìdá márùn-ún nínú ọgọ́rùn-ún owó tí wọ́n bá fi ra agbábọ́ọ̀lù láti orílẹ̀-èdè kan sí òmíràn, kí wọ́n pín in fún gbogbo ẹgbẹ́ tó kọ́ ọ láti ọmọ ọdún 12 sí 23. Bí wọ́n bá ra ọmọ kan ní mílíọ̀nù kan yúrò, 50,000 ni wọ́n máa pín. Ọdún kọ̀ọ̀kan tó lò lọ́dọ̀ yín láti ọmọ ọdún 16 sókè jẹ́ 5,000. Láti ọdún 12 sí 15, ó jẹ́ 2,500. Gbogbo ìgbà tí wọ́n bá tún rà á ni ẹ tún máa gbà. Kò sí irú òfin yìí nígbà tí Abedi ń lọ láti Niort dé Torino. Ká ní ó wà ni, Tamale ì bá ti máa jẹ nínú rẹ̀.

Láti ìparí 2022, ilé ìṣirò owó tí FIFA dá sílẹ̀ sí Paris ló ń bójú tó o, orí kọ̀ǹpútà ni wọ́n sì ti ń wo ibi tí ọmọ ti gbá bọ́ọ̀lù lọ́dọọdún. Nítorí náà, ẹ̀yin akọ́nimọ̀ọ́gbá, ẹ forúkọ àwọn ọmọ yín sílẹ̀ lọ́dọ̀ àjọ bọ́ọ̀lù ní gbogbo sáà, pẹ̀lú ọjọ́ ìbí wọn gan-an, kí ẹ sì tọ́jú ìwé rẹ̀. Ẹ̀yin òbí, kí ẹ tó fọwọ́ sí ìwé ẹnikẹ́ni tó ní òun fẹ́ mú ọmọ yín lọ, ẹ bi í léèrè ẹgbẹ́ tí ọmọ yóò ti máa gbá bọ́ọ̀lù bí ibi àkọ́kọ́ kò bá gbà á.