Bussana Vecchia: Ta Ló Ni Abúlé Tí Àwọn Ará Rẹ̀ Ti Kó Kúrò?

Ẹ wo abúlé yìí dáadáa. Orí òkè ló wà, ní Liguria ní àríwá Ítálì, ìlú Sanremo tó wà létí òkun kò sì jìnnà síbẹ̀. Ṣọ́ọ̀ṣì Sant'Egidio nìyẹn: kò ní òrùlé mọ́, koríko ti hù nínú rẹ̀, àmọ́ ilé agogo rẹ̀ ṣì nàró.

Ọjọ́rú Eléérú ni, ọjọ́ 23 oṣù Èrèlé ọdún 1887. Aago mẹ́fà àárọ̀ ti lé díẹ̀. Inú ṣọ́ọ̀ṣì yìí ni ọ̀pọ̀ ará abúlé wà, wọ́n wá gba eérú, nígbà tí ilẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í mì tìtì. Òrùlé olókùúta já lulẹ̀ lé wọn lórí. Àwọn tó sá sínú yàrá àdúrà kéékèèké tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri ló rí ẹ̀mí gbé jáde. Fáda wọn, Francesco Lombardi, yè é. Ìmìtìtì ilẹ̀ ọjọ́ náà pa èèyàn tó lé ní 600 káàkiri Liguria. Ní abúlé Bajardo pàápàá, inú ṣọ́ọ̀ṣì ni ikú ti ká ọ̀pọ̀ mọ́.

Abúlé ti bàjẹ́ kọjá àtúnṣe. Àwọn tó kù fara mọ́ inú àtíbàbà fún ọdún mélòó kan, kí wọ́n tó kó lọ sí Bussana Nuova, ìlú tuntun tí wọ́n kọ́ sísàlẹ̀ òkè, ní 1894.

Àwókù náà dá wà. Lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì, àwọn tálákà láti gúúsù Ítálì wá forí pamọ́ síbẹ̀. Ọlọ́pàá lé wọn dànù ní àárín ọdún 1950 sí 1959, wọ́n sì wó òrùlé àti àtẹ̀gùn kí ẹnikẹ́ni má baà padà wá.

Àmọ́ àwọn mìíràn wá. Oníṣẹ́ amọ̀ kan láti Turin, Mario Giani, tí wọ́n ń pè ní Clizia, ló kọ́kọ́ dé, àwọn ayàwòrán sì tẹ̀ lé e. Kò sí omi ẹ̀rọ, kò sí iná. Wọ́n fẹnu kò pé ilé ò ní jẹ́ ti ẹnì kan, òkúta inú àwókù náà ni wọ́n sì máa fi tún un ṣe. Àdéhùn tó dáa ni, ṣùgbọ́n ẹ̀yin náà mọ̀ pé tí èèyàn bá fọwọ́ ara rẹ̀ mọ ògiri, ẹnu rẹ̀ á fẹ́ máa pè é ní "ilé mi". Kò pẹ́ tí ìjà fi bẹ́ láàárín wọn.

Ní 1968, ọlọ́pàá wá láti lé àwọn náà. Àwọn ayàwòrán náà ni ọlọ́pàá bá lójú ọ̀nà, wọ́n ti dí ọ̀nà pa, àwọn oníròyìn sì dúró tì wọ́n. Ọlọ́pàá padà sẹ́yìn. Ní tèmi, mi ò rí ohun tí àwọn ará gúúsù ṣe tó burú ju ti àwọn ayàwòrán lọ; oníròyìn ni àwọn ará gúúsù ò ní.

Ẹjọ́ ilé ló wá kù. Ìjọba Ítálì ní òun ló ni gbogbo abúlé náà, nítorí kò sí ìwé lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Àwọn tó ń gbébẹ̀ sọ pé ọ̀pọ̀ ọdún tí àwọn ti ń gbé ibẹ̀ tí àwọn sì ń tún un ṣe ti sọ ọ́ di tàwọn. Bí ẹjọ́ yẹn ṣe ń lọ, ṣọ́ọ̀bù ìkòkò àti àwòrán ṣì wà ní ṣíṣí fún àlejò.