Toledo, Segovia àti Ávila lọ́jọ́ kan: ẹ ka wákàtí kí ẹ tó sanwó

Ẹ káàbọ̀. Bí ẹ bá dé Madrid, kò ní pẹ́ tí ẹ ó fi rí ìpolówó yìí: Toledo, Segovia àti Ávila, ìlú àtijọ́ mẹ́ta lọ́jọ́ kan ṣoṣo, bọ́ọ̀sì ń bẹ, amọ̀nà ń bẹ. Irọ́ kọ́. Wọ́n máa ń lọ, wọ́n sì máa ń bọ̀. Àmọ́ kí ẹ tó fi owó sílẹ̀, ẹ jẹ́ ká jọ wo máàpù.

Madrid rèé láàárín. Toledo wà ní gúúsù rẹ̀, nǹkan bí kìlómítà 70. Segovia wà ní àríwá ìwọ̀-oòrùn, nǹkan bí kìlómítà 90, lẹ́yìn àwọn òkè Guadarrama. Ávila náà wà lápá ibẹ̀, nǹkan bí kìlómítà 110. Ẹ rí i pé Toledo kẹ̀yìn sí àwọn méjì yòókù. Bọ́ọ̀sì yóò fi wákàtí kan dé Toledo, yóò fi bíi méjì lọ láti ibẹ̀ sí Ávila, wákàtí kan sí Segovia, wákàtí kan ó lé díẹ̀ padà sí Madrid. Ó ti lé ní wákàtí márùn-ún lórí ìjókòó nìyẹn. Bí gbogbo ìrìn náà bá jẹ́ wákàtí 13, ẹ yọ oúnjẹ ọ̀sán kúrò, ẹ yọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ kúrò, ẹ yọ àkókò tí amọ̀nà ń fi ka orí èèyàn. Ohun tó kù fún ìlú kọ̀ọ̀kan kò ju wákàtí méjì lọ.

Nítorí náà, ìmọ̀ràn wa rèé, a ò sì ní fi bọpo bọyọ̀. Bí ẹ bá ní ọjọ́ méjì, ẹ fi ọ̀kan bá amọ̀nà lọ sí Ávila àti Segovia, torí apá kan náà ni wọ́n wà. Toledo, ẹ wọ ọkọ̀ ojú irin lọ síbẹ̀ fúnra yín lọ́jọ́ kejì: láti ibùdókọ̀ Atocha, kò ju nǹkan bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú lọ. Ẹ tètè ra tíkẹ́ẹ̀tì, pàápàá fún òpin ọ̀sẹ̀, nítorí ìjókòó máa ń tán. Bó bá jẹ́ ọjọ́ kan péré lẹ ní, ẹ mú ìlú méjì, kí ẹ fi Ávila sílẹ̀. Ìlú mẹ́ta yẹ ẹni tó mọ̀ pé òun kò tún ní padà wá sí Sípéènì láìpẹ́, tó sì fẹ́ kí ojú òun kàn wọn.

Ìpolówó wá kù. Ọ̀rọ̀ díẹ̀ wà tó yẹ kí ẹ dá mọ̀ ní èdè Sípéènì. Bí ẹ bá rí "panorámica" tàbí "exterior" lẹ́gbẹ̀ẹ́ orúkọ ilé kan, ìta lẹ máa dúró sí láti wò ó. "Entradas incluidas" ni pé owó ìwọlé ti wà nínú ohun tí ẹ san. Ẹ wò ó dáadáa: owó ìwọlé ibo? Ilé mẹ́ta lè wà nínú rẹ̀, kí kàtídírà má sì sí níbẹ̀. "Tiempo libre" ni àkókò tí wọ́n fi yín sílẹ̀ kí ẹ máa rìn káàkiri. "Guía oficial" ni amọ̀nà tí ìjọba fún ní ìwé àṣẹ, irú ẹni bẹ́ẹ̀ sì máa ń fi káàdì rẹ̀ kọ́ ọrùn. Ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn kì í bèèrè ni èdè. Ìrìn tí wọ́n kọ "bilingüe" sí, amọ̀nà yóò sọ ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan lẹ́ẹ̀mejì, ní èdè Sípéènì àti ní Gẹ̀ẹ́sì. Ìdajì àlàyé tó yẹ kí ẹ gbọ́ ti lọ nìyẹn. Bí ti èdè kan bá wà, òun ni kí ẹ mú, kódà bó bá fi díẹ̀ wọ́n jù ú.

Pásípọ́ọ̀tù gan-an ni kí ẹ mú dání. Ẹni tó ń gbé Lọ́ńdọ̀nù tó sì ń lo pásípọ́ọ̀tù Nàìjíríà gbọ́dọ̀ gba físà Schengen kó tó wọ Sípéènì. Ìwé ìgbélùú Bìrìtìkó kò tó. Ti aago náà wà: ní ìgbà òtútù, aago Sípéènì àti ti Nàìjíríà dọ́gba, àmọ́ láti ìparí oṣù March títí di ìparí oṣù October, wọ́n fi wákàtí kan ṣíwájú wa. Ẹ dé ibi ìpàdé ní ìṣẹ́jú 15 ṣáájú. Bọ́ọ̀sì kì í dúró de ẹnì kan, torí àwọn ilé tí wọ́n máa wọ̀ ti fún wọn ní aago tiwọn.

Ẹ jẹ́ ká wọ Toledo.

Odò Tajo yí òkè tí ìlú náà jókòó lé ká ní apá mẹ́ta, ìdí nìyẹn tó fi ṣòroó gbà lójú ogun. Bọ́ọ̀sì sábà máa ń kọ́kọ́ dúró ní Mirador del Valle, ní òdìkejì odò. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá sí 15 ni. Ẹ ya fọ́tò níbẹ̀, kò síbòmíràn tí gbogbo ìlú ti ń hàn báyẹn. Lẹ́yìn náà ni yóò já yín sílẹ̀ ní ìsàlẹ̀, nítorí bọ́ọ̀sì ńlá kò lè wọ àwọn òpópónà tóóró inú ìlú. Àtẹ̀gùn oníná wà ní Paseo de Recaredo tó máa gbé yín gòkè. Ẹ ya fọ́tò ibi tí bọ́ọ̀sì yóò ti gbé yín padà, àti orúkọ rẹ̀, nítorí ọ̀nà inú Toledo máa ń ṣini lọ́nà. Fóònù pàápàá máa ń ṣìnà níbẹ̀, torí àwọn ilé gíga fún ọ̀nà pọ̀ mọ́ra. Bí ẹ bá sọnù, ẹ bèèrè Plaza de Zocodover, gbogbo ará ìlú ló mọ̀ ọ́n.

Olú-ìlú àwọn ọba Visigoth, ẹ̀yà tó jọba ní Sípéènì lẹ́yìn àwọn ará Róòmù, ni Toledo kí àwọn Mùsùlùmí tó gbà á ní ọ̀rúndún kẹjọ. Ọba Alfonso Kẹfà gbà á lọ́wọ́ wọn ní 1085. Àwọn Júù, Mùsùlùmí àti Kristẹni jọ gbé ibẹ̀ pẹ́, iṣẹ́ ọwọ́ àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló sì yẹ kí ẹ wá. Mọ́sálásí kékeré kan wà tí wọ́n ń pè ní Cristo de la Luz, tí wọ́n kọ́ ní 999. Ọdún náà ṣì wà lára ògiri rẹ̀ ní èdè Lárúbáwá, bíríkì ni wọ́n fi kọ ọ́. Sínágọ́gù méjì ṣì dúró, Santa María la Blanca àti El Tránsito. El Tránsito jẹ́ ilé ìṣẹ̀ǹbáyé, wọ́n sì máa ń tì í ní ọjọ́ Ajé. Kàtídírà, tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní 1226 tí wọn ò parí rẹ̀ títí di 1493, wà níbi tí mọ́sálásí àgbà ìlú wà tẹ́lẹ̀. Kò ṣeé sáré wò. Wákàtí kan ló kéré jù. Bó bá jẹ́ ọjọ́ Àìkú lẹ lọ, ìsìn ni wọ́n ń ṣe ní òwúrọ̀, ẹ ò ní lè wọlé rìn káàkiri.

Ní Santo Tómé, àwòrán kan ṣoṣo ni èèyàn ń lọ wò: ìsìnkú ọ̀tọ̀kùlú kan láti Orgaz, tí El Greco yà láàárín 1586 sí 1588. Ibi tó wà kò fẹ̀, ẹgbẹ́ arìnrìn-àjò sì máa ń tò tẹ̀lé ara wọn. Ẹ wo ìsàlẹ̀ àwòrán náà kí ẹ tó wo òkè: ìsàlẹ̀ ni ayé, òkè ni ọ̀run.

Wọ́n ń ta ẹ̀gbà ọwọ́ kan ní Toledo, "pulsera turística", tó ń ṣí ilé méje fún yín. Kàtídírà kò sí nínú rẹ̀. Ẹni tó bá máa wọ mẹ́rin tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ ló ń jèrè rẹ̀. Ẹni tó ní wákàtí méjì kò gbọdọ̀ rà á.

Ọ̀pọ̀ ìrìn amọ̀nà máa ń dúró ní ìsọ̀ alágbẹ̀dẹ fún bí ogún ìṣẹ́jú. Níbẹ̀ ni wọ́n ti ń fi okùn wúrà tín-ín-rín lu ojú irin dúdú, iṣẹ́ tí wọ́n ń pè ní damasquinado. Iṣẹ́ náà dára gidi, àmọ́ èyí tí wọ́n fi ẹ̀rọ tẹ̀ pọ̀ lórí àtẹ, nítorí náà ẹ bèèrè èyí tí wọ́n fi ọwọ́ ṣe. Bí ẹ bá ra idà tàbí ọ̀bẹ Toledo, inú ẹrù tí ọkọ̀ òfuurufú ń gbà sísàlẹ̀ ni kí ẹ kó o sí. Bó bá wà nínú báàgì ọwọ́, wọn yóò gbà á.

Segovia ni ibi tí a fẹ́ràn jù, ohun tó fà á sì ni afárá omi àwọn ará Róòmù.

Ìlú náà wà lórí òkè, odò wà nísàlẹ̀. Dípò kí wọ́n máa pọn omi gòkè, àwọn ará Róòmù lọ mú un láti orí àwọn òkè tó lé ní kìlómítà 15 sí ìlú, wọ́n jẹ́ kó máa ṣàn wálẹ̀ díẹ̀díẹ̀ nínú ojú ọ̀nà omi. Níbi tí ilẹ̀ ti jìn gan-an, wọ́n gbé ojú ọ̀nà náà lé orí òpó òkúta kó má bàa já. Ibi tó ga jù ni Plaza del Azoguejo, nǹkan bíi mítà 28. Òkúta gránáìtì ni gbogbo rẹ̀. Kò sí sìmẹ́ńtì, kò sí amọ̀ láàárín wọn: ìwúwo òkúta lórí òkúta ló mú un dúró láti nǹkan bí ọ̀rúndún kìíní tàbí ìkejì lẹ́yìn ìbí Kristi. Bí ẹ bá sún mọ́ ọn, ẹ ó rí ihò kéékèèké lára àwọn òkúta. Ibẹ̀ ni wọ́n fi ẹ̀mú irin há láti gbé wọn gòkè. Ọ̀fẹ́ ni wíwò rẹ̀. Ẹ gun àtẹ̀gùn ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kí ẹ lè rí i láti òkè, torí ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ kì í kúrò nísàlẹ̀. Ìtàn àwọn ará ìlú ni pé ọmọbìnrin kan tí omi pípọn ti sú bá èṣù dá májẹ̀mú: kí omi dé ẹnu ọ̀nà òun kí ilẹ̀ tó mọ́, kí èṣù gba ẹ̀mí òun. Òkúta kan ṣoṣo ló kù tí oòrùn fi yọ, ọmọbìnrin náà sì bọ́. Ẹni tó bá ti pọn omi rí yóò mọ ohun tó gbé e dé bẹ̀.

Láti afárá omi dé ààfin Alcázar, ó lé ní kìlómítà kan, òkè sì ni púpọ̀ nínú rẹ̀. Ẹ fi ogún ìṣẹ́jú sí i ní lílọ nìkan. Ibẹ̀ ni Isabella ti jáde lọ sí ibi tí wọ́n ti kéde rẹ̀ ní ọbabìnrin ní 13 December 1474. Iná jó ààfin náà ní 1862, wọ́n sì tún òrùlé àti àjà rẹ̀ ṣe. Ilé-ìṣọ́ rẹ̀ ní àtẹ̀gùn tó lé ní 150, tóóró ni, ó sì ń yí po. Bí orúnkún bá ń dun yín, ẹ fi í sílẹ̀.

Oúnjẹ Segovia ni ọmọ ẹlẹ́dẹ̀ sísun, cochinillo, tí wọ́n ń fi etí abọ́ gé kí wọ́n lè fi hàn pé ó rọ̀. Òun ni wọ́n sábà máa ń kó sínú owó ìrìn tó ní oúnjẹ ọ̀sán. Ẹ̀yin Mùsùlùmí, ẹ ṣọ́ra: ẹ̀wà ńlá tí wọ́n ń pè ní judiones náà ni wọ́n ń fi ẹran ẹlẹ́dẹ̀ sè. Ẹ kọ "sin cerdo", ìyẹn láìsí ẹran ẹlẹ́dẹ̀, ránṣẹ́ nígbà tí ẹ bá ń forúkọ sílẹ̀, ẹ má dúró dìgbà tí abọ́ bá délẹ̀. Ọ̀pọ̀ ilé oúnjẹ kì í gbé oúnjẹ ọ̀sán kalẹ̀ títí aago kan ààbọ̀ fi kọjá, wọ́n sì ń tì í ní bí aago mẹ́rin. Ẹ mú búrẹ́dì àti èso lọ́wọ́.

Ávila ni odi. Ẹni tó bá ti dé Erédò Súngbọ́ nílẹ̀ Ìjẹ̀bú mọ yàrà tí wọ́n gbẹ́. Ti Ávila, òkúta ni wọ́n tò: nǹkan bíi kìlómítà méjì ààbọ̀ yí ìlú po, ó ga tó mítà 12, ó nípọn tó mítà mẹ́ta, ẹnubodè mẹ́sàn-án, ilé-ìṣọ́ tó lé ní 80. Ẹ̀yìn kàtídírà gan-an jẹ́ ara odi náà. Ẹ sanwó gun orí rẹ̀ dípò kí ẹ máa wọ ilé kiri. Teresa ẹni mímọ́, tí wọ́n bí níbẹ̀ ní 1515, ni orúkọ rẹ̀ wà lára àádùn tí wọ́n ń ta, yemas: pupa ẹyin àti ṣúgà, dídùn rẹ̀ pọ̀, ẹyọ kan tó.

Ávila ga ju mítà 1,100 lọ sókè òkun. Ní oṣù January, omi lè dì lójú ọ̀nà níbẹ̀. Ní oṣù August ẹ̀wẹ̀, Toledo máa ń gbóná kọjá ìwọ̀n 35. Ọjọ́ kan náà nígbà ìrúwé lè fún yín ní òtútù àti ooru, nítorí náà ẹ wọ aṣọ lé aṣọ. Bàtà onírọ́bà tí ẹsẹ̀ ti mọ̀ ni kí ẹ wọ̀, torí òkúta ojú ọ̀nà máa ń yọ̀ bí òjò bá rọ̀. Bí ẹ bá mú ìyá tàbí bàbá yín dání, Segovia rọrùn díẹ̀ ju Toledo lọ, torí ohun tó dára jù níbẹ̀ wà ní pẹ̀tẹ́lẹ̀.

Ẹ má ra tíkẹ́ẹ̀tì eré tàbí ti ọkọ̀ òfuurufú sí alẹ́ ọjọ́ náà. Bó bá sì jẹ́ ọjọ́ Àìkú, àwọn ará Madrid tó lọ sókè ń padà sílé ní irọ̀lẹ́, súnkẹrẹ-fàkẹrẹ sì lè fi wákàtí kan kún ti bọ́ọ̀sì yín.