Ìlù Bo Diddley: Àtẹ́wọ́ Márùn-ún, Ẹsẹ̀ Mẹ́rin

Ẹ wá àga tí kò lápá, kẹ́ ẹ jókòó, kí àtẹ́lẹsẹ̀ méjèèjì kanlẹ̀. Ìlù Bo Diddley, onígìtá ará Amẹ́ríkà, la fẹ́ lù yìí; a ò nílò awọ kankan fún un.

Ẹ ṣí metronome, ẹ̀rọ tó ń ró kọ́-kọ́-kọ́ ní ìwọ̀n kan náà, lórí fóònù, ẹ gbé e sí 60, ìyẹn ìró ọgọ́ta ní ìṣẹ́jú kan. Ẹsẹ̀ ọ̀tún ni kó máa bá a rìn. Láti ìró kan sí èkejì, ẹ ka mẹ́rin, títí ẹ ó fi ka 16. Ẹsẹ̀ á máa balẹ̀ lórí 1, 5, 9 àti 13. Ẹ má tíì pàtẹ́wọ́ o! Bẹ́sẹ̀ bá ń yẹ̀, ọwọ́ ò lè dúró.

Ó yá, ẹ pàtẹ́wọ́ lórí 1, 4, 7, 11, 13. Orí 1 àti 13 nìkan ni ọwọ́ ti ń pàdé ẹsẹ̀. 7 àti 11 bọ́ sí agbedeméjì ẹsẹ̀ méjì. 4 gan-an ló ń dààmú èèyàn: ẹsẹ̀ ti fẹ́ balẹ̀, etí á wá fa ọwọ́ lọ sórí 5, gbogbo ẹ̀ á dà bíi ti ṣọ́jà tó ń yan. Tó bá ṣẹlẹ̀, ẹ dín in kù sí 50, kẹ́ ẹ máa pariwo "mẹ́rin!" bọ́wọ́ ṣe ń pàdé. Lẹ́yìn 13, ẹ jẹ́ kí 14, 15 àti 16 dákẹ́.

Tó bá ti wọra, ẹ gbé e lọ sórí itan. Ọwọ́ ọ̀tún á gbá márùn-ún yẹn kíkankíkan, tòsì á fọwọ́ pẹ́lẹ́ kan mọ́kànlá tó kù. Hambone ni wọ́n ń pe ìlù ara báyìí ní Amẹ́ríkà. Lẹ́yìn ọ̀tẹ̀ àwọn ẹrú ní Stono lọ́dún 1739, òfin South Carolina ti 1740 gbẹ́sẹ̀ lé ìlù àti fèrè, torí wọ́n lè fi ránṣẹ́ síra wọn. Ẹni tó bá gbọ́ dùndún mọ̀ pé ẹ̀rù náà kì í ṣe lásán. Àmọ́ ta ló máa gba itan lọ́wọ́ èèyàn?

Márùn-ún yìí kan náà ni agogo ń lù nínú kpanlogo, ìlù àti ijó àwọn Ga, ní Accra, òun náà ni wọ́n ń fi igi méjì lù ní Kúbà. Bo Diddley gbé e sórí gìtá lọ́dún 1955, Jerome Green ń mi maracas tì í lẹ́yìn. Ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ á ṣiṣẹ́ yẹn fún yín.

Ẹ máa fi 5 kún metronome títí dé 100. Tí gìtá bá wà, ẹ fọwọ́ òsì bo okùn kó má dún gbọnrangandan, kẹ́ ẹ fi ọ̀tún họ ọ́. Kọ́ọ̀dù kan ti tó. Bẹ́ ẹ bá ti ń wá ìkejì, ẹ wolẹ̀: ẹsẹ̀ ti dúró nìyẹn.